Ilé Tí Kì Í Yẹ̀

Obìnrin kan bi Màmá ní ìbéèrè ní ọ́fíìsì owó-orí ní Abidjan níbí, èmi ni mo dáhùn. Màmá kò gbọ́ ìbéèrè náà. Títí di bí mo ṣe ń kọ ọ̀rọ̀ yìí, wọn kò mọ̀ pé ẹnikẹ́ni bi àwọn ní irú nǹkan bẹ́ẹ̀. Ibi tí mo ti ṣẹ̀ nìyẹn. Àwọn nǹkan mìíràn tí màá sọ jẹ́ ọ̀rọ̀ èdè, èdè sì lè ṣi ẹnikẹ́ni lọ́nà. Ṣùgbọ́n ti ọjọ́ yẹn, kì í ṣe èdè ló ṣi mí lọ́nà. Ohun tí obìnrin náà sọ yé mi yékéyéké. Ó rán mi níṣẹ́ sí ẹni tó jókòó ti èjìká mi, mi ò jẹ́ ẹ.

Fóònù ni mo ń tún ṣe ní Siporex, ní àdúgbò Yopougon. Ìwé mi kò jìnnà. Owó tán nílé kí n tó parí girama, mo sì bá ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin wá sí Abidjan. Gẹ̀ẹ́sì díẹ̀ ni mo mú ti ilé wá. Faransé tí mo gbọ́, ẹnu àwọn oníbàárà ni mo ti kọ́ ọ. Ẹni tí fóònù rẹ̀ bá kú máa ń sọ̀rọ̀ púpọ̀: á bẹ̀bẹ̀, á bú èèyàn, á ka gbogbo ohun tó wà nínú fóònù náà tí kò fẹ́ kó sọnù. Kò pẹ́ tí mo fi ń gbọ́ gbogbo rẹ̀.

Nítorí èyí ni wọ́n ṣe fi mí ṣe ògbufọ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Koumassi. Yorùbá ni pásítọ̀ wa fi ń wàásù. Àwọn ọmọ tí a bí síbí ń gbọ́ Yorùbá ju bí wọ́n ṣe lè sọ ọ́ lọ, àwọn ará Benin tó wà láàárín wa sì fẹ́ràn Faransé. Nítorí náà, èmi á di máìkì mú, màá dúró ti pásítọ̀ bí òjìji. Èmi kì í dúró kí wọ́n sọ̀rọ̀ tán. Bí wọ́n bá sọ ìdajì gbólóhùn, mo ti parí rẹ̀ ní Faransé. Bí wọ́n bá ní, “Dáfídì sì mú òkúta,” lẹ́nu tèmi, òkúta ti bà á níwájú orí, Gòláyátì ti ṣubú. Ìjọ á hó.

“Ògbufọ̀ ti ṣáájú pásítọ̀ dé ọ̀run o!” Bàbá àgbà kan tó máa ń jókòó lẹ́bàá ilẹ̀kùn ló máa ń pariwo bẹ́ẹ̀. “Ẹ fà á lẹ́wù, kó dúró dè wá!”

Inú mi á dùn. Ògbufọ̀ tó bá yí sẹ́yìn bi oníwàásù pé kí ni wọ́n ní lọ́kàn, ìjọ á máa wò ó bí ẹni tí kò gbọ́ èdè. Èmi ò yí sẹ́yìn rí, mo sì ń fi ìyẹn yangàn. Láti ṣọ́ọ̀ṣì ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í mú mi lọ sí ọsibítù, sí ilé-ẹ̀kọ́ ọmọ wọn, sí ọ́fíìsì ìjọba. Bẹ́ẹ̀ ni Màmá ṣe mú mi.

Màmá kì í ṣe ìyá tó bí mi. Ìyá ìjọ wa ni wọ́n, opó ni wọ́n, òwú àti sípù àti bọ́tìnnì ni wọ́n ń tà ní Koumassi Remblais. Kí a tó bí mi ni Màmá ti dé Abidjan. Síbẹ̀, ẹ kú àárọ̀ àti ẹ ṣeun ni gbogbo Faransé wọn. Mo bi wọ́n lọ́jọ́ kan pé kí ló dé tí wọn ò kọ́ ọ.

“Ta ni màá máa bá sọ ọ́? Àwọn aránṣọ tó ń ra òwú lọ́wọ́ mi, Jula ni wọ́n ń sọ, mo sì gbọ́ Jula ju ìwọ lọ. Ìjọba ló ń sọ Faransé. Ìjọba ò sì ra bọ́tìnnì lọ́wọ́ mi rí.”

Màmá kọ́ ilé kan sí ìlú wa, ní apá Ọ̀ṣun. Ẹ̀gbọ́n wọn obìnrin ló ń gbé inú rẹ̀. Ẹsẹ̀ ń dun ìyá àgbà yẹn, kò bímọ, kò sì ní ẹlòmíràn ju Màmá lọ. Ṣọ́ọ̀bù méjì wà níwájú ilé náà tí wọ́n fi rẹ́ǹtì, owó tó ń wọlé níbẹ̀ ni ìyá àgbà fi ń jẹun. Màmá ti ń tu owó jọ kí wọ́n lè kó ìsọ̀ wọn nílẹ̀ kí wọ́n sì padà sílé pátápátá. Gbogbo ẹni tó bá wá ra sípù ni wọ́n ń sọ fún. “Mo fẹ́ lọ jókòó ti ẹ̀gbọ́n mi, kí ọ̀kan nínú wa tó ṣáájú. A ò tíì gbé pọ̀ láti ìgbà tí wọ́n ti fi mí fọ́kọ.” Wọn kò ra ọjà tuntun mọ́. Wọ́n ti ń di ẹrù.

Ẹrù yẹn ni Màmá ń dì lọ́wọ́ tí àwọn agbowó-orí ìlú wa fi dé ilé náà. Wọ́n rí ṣọ́ọ̀bù, wọ́n béèrè ẹni tó ni ín, wọ́n rí i pé Màmá máa ń wálé ọdọọdún, wọ́n sì rí ìwé kan tí Màmá ti tẹ̀ka sí pé ibẹ̀ ni àdírẹ́sì wọn. Wọ́n ní ó parí: ẹni tó ń gbé ìlú yìí ni Màmá, kí wọ́n wá san owó-orí lórí gbogbo ohun tó ń wọlé fún wọn, títí kan ìsọ̀ Abidjan.

“Mo ní ìjọba Abidjan ti ń gba tiwọn lọ́wọ́ mi,” Màmá wí fún mi, bí wọ́n ṣe ń ká òwú sọ́wọ́. “Ṣé ẹran kan náà ni a ó máa pa lẹ́ẹ̀mejì ni? Wọ́n ní bó bá rí bẹ́ẹ̀, kí n mú ìwé wá láti ọ̀dọ̀ àwọn ará ibí pé ẹni tiwọn ni mí. Bí mi ò bá mú un wá, àwọn á ti ṣọ́ọ̀bù náà pa. Ọmọ mi, bí wọ́n bá tì í, kí ni ẹ̀gbọ́n mi fẹ́ jẹ?”

Ìwé yẹn ni à ń wá. Mọ̀lẹ́bí Màmá kan tó jẹ́ lọ́yà nílé ló ṣàlàyé ibi tí a ó ti rí i. Ó ní àdéhùn kan wà tí àwọn ìjọba agbègbè wa jọ ṣe, kí orílẹ̀-èdè méjì má baà gba owó-orí lórí owó kan náà. Èdè tí wọ́n fi kọ ọ́ ju ẹyọ kan lọ. Ó fi ti Gẹ̀ẹ́sì ránṣẹ́ sórí fóònù mi, èmi náà sì wá ti Faransé rí, mo tẹ̀ ẹ́ jáde, mo gbé méjèèjì sórí tábìlì tí mo ti ń tú fóònù.

Ọmọ Kétu kan tí a jọ ń lo tábìlì náà rí mi tí mò ń fi ìka tẹ̀lé ìlà. “Ẹ wá wò ó o! Lọ́yà oní-sikirínì fífọ́!” Ó pe àwọn oníbàárà mọ́ mi. “Ẹ má wulẹ̀ gbé fóònù fún un mọ́, ẹjọ́ ni kí ẹ gbé wá!”

Mo rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n mo gbà á gbọ́ díẹ̀. Ní ìparí àdéhùn náà, ti Faransé sọ pé àwọn ìwé náà ń “faire foi” bákan náà. Foi tí mo mọ̀, ti ṣọ́ọ̀ṣì ni, ìgbàgbọ́ ni. Mo lọ sọ fún Màmá pé, “Wọ́n ní kí á gba gbogbo wọn gbọ́ bákan náà.” Màmá ní, “Àmín.” Mo ti wá mọ̀ nísinsìnyí pé ohun tó túmọ̀ sí ni pé kò sí ọ̀kan tó jẹ́ ọ̀gá fún èkejì. Bí ìtumọ̀ mi ò tilẹ̀ jìnnà sí i, èmi gan-an ò tẹ̀ lé e.

Ìdí ni pé mo dé ibi tí ọ̀rọ̀ gan-an wà. Àdéhùn náà ní bí orílẹ̀-èdè méjì bá ń du ẹnì kan, ibi tí onítọ̀hún bá ní ilé ìgbé tí kì í yẹ̀ sí ni kó máa gba owó-orí rẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì pè é ní “home”. Faransé pè é ní “foyer”. Foyer tí èmi mọ̀ ní Abidjan ni ààrò eléèédú tí àwọn obìnrin fi ń dáná. Mo tún un kà, mo bú sẹ́rìn-ín. Kí ló kan àwọn agbowó-orí nínú ààrò? Mo sọ fún ara mi pé Gẹ̀ẹ́sì ló ṣe kedere, home ni ilé, ilé ni home. Mo ká ti Faransé, mo fi tẹ́ abẹ́ ife tíì mi.

Mo bá Màmá kọ̀wé sí ọ́fíìsì owó-orí Abidjan. Lọ́jọ́ tí wọ́n pè wá, Màmá wọ aṣọ tí wọ́n máa ń wọ̀ sí ìsìn ìdúpẹ́. Obìnrin tó gbà wá lálejò ní ọ́fíìsì náà kò lè fi púpọ̀ jù mí lọ. Ó lo gíláàsì, ó sì fa àga fún Màmá fúnra rẹ̀. Àwọn èèyàn tò sẹ́yìn wa, ará ìjọ wa kan sì wà nínú wọn, tí ọ̀ràn tirẹ̀ gbé e wá. Mo mọ̀ pé ó ń gbọ́ mi. Mo gbé ohùn mi sókè bí ẹni pé máìkì wà lọ́wọ́ mi.

Obìnrin náà béèrè ibi tí foyer Màmá wà, bó ṣe wà nínú àdéhùn gẹ́lẹ́. Mo yí sí Màmá. “Màmá, wọ́n ní níbo ni ilé yín wà gan-an, ilé tí kì í yẹ̀?”

Màmá jókòó dáadáa. “Ilé mi? Ṣé ó tún ń béèrè ni? Ìlú wa mà ni. Ilé bíríkì ni, mo fi páànù tuntun bò ó, ẹ̀gbọ́n mi wà níbẹ̀. Iṣẹ́ ni mo wá ṣe ní Abidjan. Sọ fún un pé àlejò wọn ni mí, wọ́n sì gbà mí dáadáa. Kí Ọlọ́run bù kún ìlú wọn.”

Ẹ̀yin tí ẹ jẹ́ Yorùbá, ẹ mọ ohun tí Màmá ń ṣe. Ìwà ọmọlúàbí ni. Ẹni tó wà nílẹ̀ onílẹ̀, bó ti wù kó pẹ́ tó níbẹ̀, kò ní sọ pé òun ti di onílé lójú ẹni tó gbà á. Màmá ń yẹ́ obìnrin yẹn sí ni. Èmi wá gbé ọ̀rọ̀ ọmọlúàbí yẹn, mo gé e kúrú: “Au Nigeria, Madame. Ici, elle est étrangère.” Ní Nàìjíríà ni. Àjèjì ni wọ́n níbí.

Obìnrin náà gbé bírò rẹ̀ sílẹ̀. Ó wo Màmá, ó wo àwọn ìwé tó wà níwájú rẹ̀, ó sì sọ̀rọ̀ fún mi pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, bí ẹni tó fẹ́ kó yé mi. Ó ní ṣé ilé tí Màmá ti wá ni wọ́n ń sọ ni, àbí ilé tí wọ́n ń gbé? “Demandez-lui,” ó wí. Bi wọ́n.

Mi ò bi wọ́n. Mi ò tilẹ̀ yí ọrùn. Ọ̀rọ̀ náà ti jáde lẹ́nu mi kí obìnrin náà tó pa ẹnu dé: “C'est là-bas, Madame. C'est ce qu'elle a dit.” Ọ̀hún ni. Ohun tí wọ́n sọ nìyẹn.

Obìnrin náà tún wo Màmá. Màmá rí i pé nǹkan kan kọjá láàárín wa. Wọ́n fọwọ́ kan apá mi. “Kí ló ní?”

“Ó ní ó ti yé òun.”

Obìnrin náà mú bírò rẹ̀, ó kọ ọ́ sílẹ̀.

Bí a ṣe jáde, Màmá ra omi atalẹ̀ tútù fún mi lọ́wọ́ ọmọbìnrin kan lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n sì dúró tì mí títí mo fi mu ún tán. “Ahọ́n rẹ ò ní kan,” wọ́n wí. “Bó o ṣe ń dá a lóhùn tá-tá-tá yẹn, mo ní ọmọ mi rèé.” Ará ìjọ tó wà lórí ìlà lọ sọ ní ṣọ́ọ̀ṣì pé mo ṣe ju lọ́yà lọ.

Èsì dé lẹ́yìn oṣù díẹ̀. Wọn kò fún Màmá ní ìwé. Wọ́n kọ ọ́ pé bí ẹni náà ṣe fẹnu ara rẹ̀ sọ, ilé ìgbé rẹ̀ kò sí ní orílẹ̀-èdè yìí. Èmi ni mo kà á fún Màmá níwájú ìsọ̀ wọn. Màmá gba ìwé náà lọ́wọ́ mi, wọ́n wò ó bí ẹni pé àwọn lè kà á.

“Ẹnu mi náà ni,” wọ́n wí. “Ṣùgbọ́n irọ́ ni kí n wá pa ni? Kí n sọ pé mi ò nílé?”

Ó yẹ kí n sọ̀rọ̀ níbẹ̀. Aránṣọ kan dé, ó ń wá sípù aláwọ̀ ewé, Màmá sì dìde láti wá a fún un. Mo lọ.

Àwọn agbowó-orí ìlú wa kò dúró. Wọ́n ti ṣọ́ọ̀bù méjèèjì pa, ọjà àwọn tó rẹ́ǹtì rẹ̀ há sínú, àwọn yẹn sì ń wá bá ìyá àgbà nínú yàrá rẹ̀ láàárọ̀ lálẹ́. Màmá fi owó tí wọ́n ń tu jọ ránṣẹ́ kí wọ́n lè ṣí i. Wọ́n ṣí i lóòótọ́. Ṣùgbọ́n owó ìpadàbọ̀ Màmá ti wọ ibẹ̀. Mo dé ìsọ̀ lọ́jọ́ kan, mo bá wọn tí wọ́n ń tú ẹrù tí wọ́n ti dì. Wọ́n tún ti ń ra sípù.

Fóònù dún níbẹ̀ lójú mi. Ohùn ẹ̀gbọ́n wọn jáde ketekete, nítorí Màmá kò mọ bí a ṣe ń rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀.

“Ìgbà wo lo ń bọ̀?”

“Mo ń bọ̀, ẹ̀gbọ́n mi.”

“O ti ń bọ̀ láti ìgbà tí eyín mi ti pé. Mo ti ní kí wọ́n kun yàrá rẹ. Ṣé kí n jẹ́ kí ewúrẹ́ máa sùn síbẹ̀ ni?”

Màmá rẹ́rìn-ín fún un. Nígbà tí wọ́n gbé fóònù sílẹ̀, wọn kò rẹ́rìn-ín mọ́.

Pásítọ̀ ló wá mú wa lọ bá ọkùnrin kan tó máa ń ṣe ìwé owó-orí fún àwọn oníṣòwò, akáńtáǹtì ni. Ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí sí Abidjan ni, Yorùbá rẹ̀ ń kọsẹ̀. Ó tẹ́ Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé àdéhùn náà sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn, kò sì sáré. Ó ní bí ìwé méjì bá jọ ní agbára kan náà, tí ọ̀rọ̀ inú wọn kò sì rí bákan náà, a kì í mú èyí tó wù wá ká sọ èkejì nù. A ó kà wọ́n pọ̀, a ó béèrè ohun tí àwọn tó ṣe é ń wá, títí a ó fi rí ìtumọ̀ tí kò ní sọ ìkankan di òpùrọ́. “Home lè rìn jìnnà,” ó wí. “Ìlú bàbá ẹni lè wà nínú home. Foyer kò lè rìn jìnnà bẹ́ẹ̀. Foyer ni ibi iná. Ẹ bá mi wá Yorùbá rẹ̀.”

“Ààrò,” mo wí.

Màmá yí sí mi, wọ́n yí sí i. “Ààrò ni wọ́n ń béèrè? Ààrò mi? Ẹ̀yìn ìsọ̀ mi ni ààrò mi wà! Gbogbo Remblais ló mọ èéfín mi! Àárọ̀ yìí náà ni mo se ẹ̀wà níbẹ̀.” Wọ́n pàtẹ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan. “Nígbà tó jẹ́ pé ohun tí wọ́n ń wá nìyẹn, kí ló dé tí obìnrin yẹn ò bi mí bẹ́ẹ̀?”

Akáńtáǹtì ń dúró de ìdáhùn, nítorí òun náà fẹ́ mọ̀. Ó wò mí. “Kò béèrè ni?”

Mo ní, “Bó ṣe wà nínú ìwé ló ṣe béèrè.” Kì í ṣe irọ́. Ìbéèrè àkọ́kọ́ nìyẹn. Mi ò sọ ti èkejì.

“Ó mà burú o,” Màmá wí. “Àgbà bí èmi. Ó rí mi, kò bi mí dáadáa. Ó wá kọ ọ́ pé mi ò gbé ibì kankan.”

Akáńtáǹtì ní àdéhùn náà tilẹ̀ rò ó síwájú: bí èèyàn bá nílé ìgbé níbi méjèèjì, a ó wo ibi tí ayé rẹ̀ so mọ́ jù. Ó kọ̀wé tuntun. Ó kó rìsíìtì owó ilé, ìwé iná, ìwé owó-orí ìsọ̀, ìwé ọsibítù tí Màmá ti ń gba oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru, ó fi gbogbo rẹ̀ ránṣẹ́. A ò padà lọ jókòó níwájú obìnrin yẹn. Ìwé jáde. Ó gba Màmá lọ́wọ́ ohun tó ń bọ̀, àwọn agbowó-orí ìlú wa kò tún lè béèrè ti ìsọ̀ Abidjan. Ti èyí tí wọ́n ti gbà, lọ́yà nílé ní kí a máa retí. A ṣì ń retí.

Màmá bọ́ síwájú ní ọjọ́ Sunday láti jẹ́rìí. Èmi ni mo di máìkì kejì mú. Wọ́n dúpẹ́, wọ́n kọrin, wọ́n sọ bí ìwé náà ṣe jáde. Wọ́n wá ní: “Obìnrin kan wà ní ọ́fíìsì náà tí kò bi mí ní ìbéèrè bó ṣe yẹ. Òun ló fà á tí mi ò fi sí lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n mi lónìí. Mi ò ṣépè. Kí Ọlọ́run dárí jì í.”

Wọ́n dúró dè mí. Fún ìgbà àkọ́kọ́ láti ìgbà tí mo ti ń túmọ̀ ní ìjọ yẹn, mi ò ṣáájú ẹnikẹ́ni. Mo sọ ọ́ ní Faransé, ọ̀rọ̀ kan sí ọ̀rọ̀ kan, mi ò fi kún un, mi ò yọ nínú rẹ̀: obìnrin náà kò bi wọ́n bó ṣe yẹ, kí Ọlọ́run dárí jì í. Gbogbo ìjọ dáhùn lédè méjèèjì. Mo dá obìnrin náà lẹ́bi níwájú gbogbo ènìyàn lọ́jọ́ yẹn, kò sì sí àṣìṣe kan nínú ìtumọ̀ mi.

“Ó ti rẹ ògbufọ̀ lónìí,” bàbá ẹnu ọ̀nà wí. “Pásítọ̀, ẹ ra míńrà fún un.”

Mo ṣì ń ṣe ògbufọ̀. Nísinsìnyí mo máa ń yí sẹ́yìn. Mo máa ń sọ fún dókítà pé kó dúró, màá bi aláìsàn náà, màá tún un bi. Àwọn kan ní mo ti gbàgbé Faransé. Ọmọ Kétu ní bóyá ẹ̀rù ọlọ́pàá ló ń bà mí. Mo ṣáà ń béèrè. Ṣùgbọ́n ìyẹn ò san nǹkan kan fún Màmá. Àwọn ẹlòmíràn ló ń jẹ èrè ohun tí mo kọ́ lára wọn.

Ìwé tí Màmá gbà kì í wà títí. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó àkókò tí a ó tún un gbà. Akáńtáǹtì ní ó dára kí Màmá fara hàn fúnra wọn lọ́tẹ̀ yìí, ọ́fíìsì kan náà ni, obìnrin kan náà ló sì wà lórí àga. Màmá ti gbọ́, inú wọn sì dùn sí i.

“Ìwọ lo máa mú mi lọ,” wọ́n wí fún mi lọ́sẹ̀ tó kọjá, wọ́n ń ka bọ́tìnnì sínú ọ̀rá fún oníbàárà. “Mi ò ní bá a jà. Mo kàn fẹ́ sọ ọ́ lójú rẹ̀ pé, ọmọ mi, bó o bá rí àgbà, máa bi í dáadáa. O ó bá mi túmọ̀ rẹ̀. Má dín in kù o.”

Mo ní, “Ó dáa, Màmá.”

Obìnrin yẹn yóò wò mí. Ó mọ ohun tó bi mí, ó mọ ohun tí mo fi dá a lóhùn. Mo ti rò ó pé kí n sọ pé mi ò ráyè, kí ẹlòmíràn tẹ̀ lé wọn. Bí mo bá ṣe bẹ́ẹ̀, ògbufọ̀ tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ yóò túmọ̀ ìbáwí Màmá, yóò túmọ̀ èsì obìnrin náà padà fún wọn, ẹnu àjèjì ni Màmá yóò sì ti gbọ́ ọ. Mi ò fẹ́ kí wọ́n gbọ́ ọ báyẹn. Mo jẹ obìnrin náà ní gbèsè orúkọ rere tí mo gbà lọ́wọ́ rẹ̀ níwájú ìjọ. Ṣùgbọ́n Màmá ni mo kọ́kọ́ jẹ ní gbèsè. Mo jẹ wọ́n ní ìbéèrè kan, kò sì sí ọ̀nà tí màá gbà fi jíṣẹ́ náà fún wọn tí wọn ò ní mọ ìgbà tí ó ti wà lọ́wọ́ mi. Mo ti dé Remblais lẹ́ẹ̀mejì nítorí rẹ̀. Mo ra òwú tí mi ò nílò, mo padà sí Siporex.